Ta Ni Ó Jẹ̀bi Nínú Ọ̀ràn Awò Ojú?



Ní ilé-kéwú tí mo ti ń kọ́ni ní èdè Lárúbáwá, ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ni mo fẹ́ kí a kọ́ lọ́jọ́ kan báyìí: amaana. Mo kọ ọ́ sí ojú pátákó, mo sì túmọ̀ rẹ̀ fún àwọn ọmọ pé ohun tí ẹnìkan fi sí ọ lọ́wọ́ ni, nítorí pé ó gbọ́kàn lé ọ. Mo ní kí oníkálukú fi ọ̀rọ̀ náà ṣe gbólóhùn. Ọmọkùnrin kan tí ó máa ń jókòó sẹ́yìn nawọ́. Mo rò pé gbólóhùn ni yóò sọ, àṣé ìbéèrè ni. Ó ní, "Àfáà, bí wọ́n bá fún mi ní amaana, tí mo wá rí ẹlòmíràn tí ó dára jù mí lọ, tí mo sì gbé e fún un, ṣé mo ṣẹ̀?" Mo bi í pé kí ni ó mú un bèèrè. Ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó ní nínú fíìmù Spider-Man ni.

Gbogbo kíláàsì bú sẹ́rìn-ín. Wọ́n rò pé màá bínú. Èmi kò bínú, nítorí èmi náà ti wo fíìmù yìí, kí n má parọ́ fún yín, ẹ̀ẹ̀mejì ni mo wò ó, lórí fóònù àbúrò mi. Mo mọ̀ pé àwọn àgbà kan wà tí wọn yóò sọ pé kí ni ó kan olùkọ́ kéwú nínú ọ̀rọ̀ ọmọkùnrin tí ń ta òwú bí alántakùn. Èsì mi kò pọ̀. Ohun tí àwọn ọmọ ń wò lóru ni wọ́n ń gbé wá sí kíláàsì láàárọ̀, olùkọ́ tí kò bá sì mọ̀ ọ́n, pátákó nìkan ni yóò máa kọ́ lẹ́kọ̀ọ́.

Fún ẹ̀yin tí ẹ kò tí ì rí i, báyìí ni ìtàn náà lọ. Fíìmù náà ni Spider-Man: Far From Home, èyí tí Jon Watts darí, tí ó sì jáde ní oṣù keje ọdún 2019. Tony Stark, ọlọ́rọ̀ tí ó mọ ohun ìjà í rọ, ti kú nínú Avengers: Endgame tí ó jáde ṣáájú rẹ̀ lọ́dún kan náà. Kí ó tó kú, ó fi awò ojú kan sílẹ̀ fún Peter Parker, ọmọ ọdún 16 tí ń jẹ́ Spider-Man. Awò ojú yìí kì í ṣe ti kí a fi kàwé. Ẹni tí ó bá fi sójú, tí ó sì fi ẹnu pàṣẹ, a lè rán àwọn dróònù tí ó gbé ìbọn wá láti ojú sánmà, kí wọ́n lọ pa ẹnikẹ́ni tí ó bá dárúkọ. Ìgbà àkọ́kọ́ tí Peter fi sójú nínú bọ́ọ̀sì ilé ẹ̀kọ́ wọn, díẹ̀ ló kù kí ó fi àṣìṣe pa ọmọ kíláàsì rẹ̀ kan. Ẹ̀rù bà á. Ó ní ohun yìí ju òun lọ.

Lásìkò náà ni àwọn ẹbọra mẹ́rin kan ń dà ayé láàmú: ti ilẹ̀, ti afẹ́fẹ́, ti omi àti ti iná. Ti omi dìde láti inú odò ìlú Venice bí ènìyàn, ó ń wó ilé. Ti iná jáde ní Prague, ó ń jẹ irin bí ẹní jẹ iṣu. Ọkùnrin kan wá yọ, ó wọ agbádá ìléke pupa, ó dé ohun kan bí ìgò róbótó sórí, ó ń fò, ó sì ń bá àwọn ẹbọra náà jà. Quentin Beck ni orúkọ rẹ̀, Mysterio ni àwọn ènìyàn ń pè é. Ó ní láti ayé mìíràn ni òun ti wá, àwọn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin yìí ni ó sì pa ayé òun rẹ́. Ó sọ̀rọ̀ bí bàbá, ó sì tẹ́tí sí ọmọ náà nígbà tí kò sí ẹni tí ń tẹ́tí sí i. Lẹ́yìn tí wọ́n ṣẹ́gun ti iná, Peter bọ́ awò ojú náà, ó fi lé Beck lọ́wọ́, ó sì fi ẹnu ara rẹ̀ sọ fún un pé kí ó máa gbọ́ràn sí Beck lẹ́nu láti ìsinsìnyí lọ. Inú rẹ̀ dùn. Ó sáré lọ bá ọmọbìnrin tí ó wù ú.

Peter kò tí ì rìn jìnnà tí ògiri ilé ọtí tí wọ́n jókòó sí fi pòórá. Àwòrán lásán ni gbogbo rẹ̀. Àwọn oníbàárà tí ó kún ibẹ̀, ọmọ iṣẹ́ Beck ni gbogbo wọn. Kò sí ayé mìíràn, kò sí ẹbọra. Dróònù ni ó ń fọ́n àwòrán omi àti iná sójú ọ̀run, òun náà ni ó sì ń yin ìbọn sí ilé kí ó lè wó lóòótọ́. Onídán ni Beck. Àwọn tí wọ́n bá mọ ìwé ìtàn aláwòrán kò ní yà á lẹ́nu, nítorí láti ọdún 1964 tí Stan Lee àti Steve Ditko ti gbé Mysterio jáde nínú The Amazing Spider-Man, nọ́ńbà 13, ẹni tí ń ṣe idán fún àwọn onífíìmù ni wọ́n fi í ṣe.

Ẹ jẹ́ kí n dúró díẹ̀ lórí ọ̀rọ̀ àwọn ẹbọra mẹ́rin yìí kí n tó padà sí awò ojú, nítorí ó jọ pé ẹni tí ó kọ ìtàn náà mọ ohun kan.

Ní nǹkan bí 2,500 ọdún sẹ́yìn, Empedocles, ará erékùṣù Sicily, sọ pé iná, afẹ́fẹ́, omi àti ilẹ̀ ni a fi da gbogbo ohun tí ó wà. Aristotle gba ọ̀rọ̀ náà lẹ́nu rẹ̀, àwọn ọ̀mọ̀wé tí ń kọ̀wé ní èdè Lárúbáwá, tí Ibn Sina wà lára wọn, sì gbà á lọ́wọ́ Aristotle. Orúkọ tí àwọn olùkọ́ wa fi kọ́ wa ni al-anaasir al-arba'a. Lónìí a mọ̀ pé kò rí bẹ́ẹ̀. Omi fúnra rẹ̀ ṣe é pín sí méjì, iná kò sì ju ìjóná lọ. Ṣùgbọ́n ohun kan wà nínú ọ̀rọ̀ Empedocles tí kò yé mi nígbà tí mo kọ́kọ́ kà á ní yunifásítì, tí ó wá ń yé mi báyìí. Ó rí i pé àwọn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin kò lè dá nǹkan kan ṣe fúnra wọn. Ó ní láti wá agbára méjì mìíràn, ọ̀kan tí ń so wọ́n pọ̀, ọ̀kan tí ń tú wọn ká. Ó pe ti àkọ́kọ́ ní Ìfẹ́, ó pe èkejì ní Ìjà. Iná kò ní ọ̀tá. Omi kò bínú sí ilé ẹnikẹ́ni. Níbikíbi tí a bá ti rí ìjà, a ní láti wá a sí ibòmíràn.

Àwọn tí ń kọ ìtàn akọni wọ̀nyí náà mọ̀ ọ́n nígbà tí wọ́n bá ń ṣe dáadáa. Ẹ wo Sandman, tí ó ti wà nínú ìwé láti ọdún 1963. Nínú Spider-Man 3 ti ọdún 2007, ẹlẹ́wọ̀n tí ó sá ni, Flint Marko ni orúkọ rẹ̀. Ó jìn sínú kòtò tí àwọn onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ti ń dán nǹkan wò, ara rẹ̀ sì di yanrìn. Kí ni ó ń wá kiri? Owó ìtọ́jú ọmọ rẹ̀ obìnrin tí ń ṣàìsàn. Ẹ wo Electro nínú The Amazing Spider-Man 2 ti ọdún 2014. Òṣìṣẹ́ tí ń tún iná mànàmáná ṣe ni, ẹni tí kò sí ẹni tí ń rántí orúkọ rẹ̀. Ọjọ́ ìbí rẹ̀ gan-an ni wọ́n ní kí ó dúró ṣiṣẹ́ lẹ́yìn tí àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ti ń lọ sílé, ibẹ̀ ni ó sì ti jábọ́ sínú omi àwọn ẹja tí ń gbé iná jáde lára bí ọ̀jìjì tiwa. Yanrìn kọ́ ni ó sọ Marko di olè. Ó ti jalè kí ó tó di yanrìn. Iná kọ́ ni ó sọ Electro di ọ̀dájú; ohun tí ń jó o nínú ti pẹ́ níbẹ̀. Bí àwọn ènìyàn bá ti mọ orúkọ rẹ̀ ńkọ́? Èmi kò mọ èsì, ṣùgbọ́n láti ìgbà náà ni mo ti ń gbìyànjú láti mọ orúkọ ẹni tí ń gbá ọgbà ilé-kéwú wa.

Ohun kan tún ṣẹlẹ̀ tí kò sí nínú fíìmù. Oṣù keje ni a fi ẹbọra omi han àwọn ènìyàn nínú Venice. Ní ọjọ́ kejìlá oṣù kọkànlá ọdún 2019 kan náà, omi òkun gùn wọ Venice lóòótọ́, ó ga tó sẹ̀ǹtímítà 187. Láti ọdún 1966 tí ó ti dé 194, irú rẹ̀ kò ṣẹlẹ̀ rí. Ó wọ ṣọ́ọ̀bù, ó wọ ilé, ó wọ ilé ìjọsìn àtijọ́ tí ó wà láàárín ìlú. Kò sí onídán nídìí rẹ̀. Òṣùpá àrànmọ́jú ni, àti ìjì, àti òkun tí ń ga sí i, àti ilẹ̀ ìlú náà tí ń rì díẹ̀díẹ̀. Ṣùgbọ́n láti ọdún 2003 ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ sí kọ́ ìdènà ńlá kan tí wọ́n pè ní MOSE, ilẹ̀kùn irin 78 tí yóò máa dìde láti ìsàlẹ̀ omi láti dí òkun lọ́nà. Ní oṣù kẹfà ọdún 2014, àwọn ọlọ́pàá mú ènìyàn 35 lórí ẹ̀sùn rìbá tí ó jẹ mọ́ iṣẹ́ náà. Nígbà tí omi ọdún 2019 dé, ilẹ̀kùn kò tí ì ṣetán. Ọjọ́ kẹta oṣù kẹwàá ọdún 2020 ni wọ́n kọ́kọ́ gbé wọn sókè láti dá omi dúró, ìlú sì gbẹ lọ́jọ́ náà. Mi ò sọ pé rìbá nìkan ni ó fa ìdádúró. Mo kàn ń sọ pé bí ẹnìkan bá fẹ́ wá ẹni ibi tí ó gbé omi wọ̀ bí aṣọ, kí ó má wulẹ̀ wo inú omi. Kí ó wo ibi tí a ti ń buwọ́ lùwé.

Ẹ jẹ́ kí a padà sí awò ojú.

Nínú àwọn ìtàn akọni yìí, ohun agbára pín sí oríṣi méjì. Oríṣi kan wà tí ó mọ ẹni tí ó mú un dání. Òòlù Thor ni àpẹẹrẹ rẹ̀, èyí tí ó ti wà nínú ìwé láti ọdún 1962. Nínú fíìmù Thor ti ọdún 2011, Odin bàbá rẹ̀ fi ọ̀rọ̀ sí òòlù náà lára pé ẹni tí ó bá yẹ nìkan ni yóò lè gbé e. Ọmọ tí ó ni ín gan-an kò lè gbé e nígbà tí ìgbéraga kún inú rẹ̀. Ní ọdún 2019, nínú Endgame, Captain America tí kì í ṣe ọmọ Odin rárá gbé e sókè. Òòlù náà kò wo ìran, ó wo ìwà. Oríṣi kejì ni èyí tí kò mọ ẹnikẹ́ni. Ìbọ̀wọ́ Thanos, tí Jim Starlin fi ṣe ìtàn nínú ìwé ní ọdún 1991, wà lára wọn. Ẹni tí ó bá ti wọ̀ ọ́, tí ó sì kó òkúta mẹ́fẹ̀ẹ̀fà sí i, ohun tí ó bá fẹ́ ni yóò ṣẹ. Nínú Infinity War ti ọdún 2018, Thanos fi pa ìdajì gbogbo ohun ẹlẹ́mìí. Nínú Endgame, òkúta kan náà ni Stark fi pa Thanos àti ogun rẹ̀ rẹ́, tí òun náà sì kú. Àwọn òkúta náà kò yẹsẹ̀ nínú èyí, wọn kò yẹsẹ̀ nínú tọ̀hún.

Ọ̀rọ̀ yìí ti pẹ́ ju fíìmù lọ. Plato sọ ìtàn darandaran ará Lydia kan tí ó rí òrùka. Bí ó bá ti yí i sínú, ẹnikẹ́ni kò ní rí i mọ́. Kò pẹ́ tí ó fi pa ọba, tí ó sì gba ìyàwó rẹ̀ àti ìjọba. Ìbéèrè Plato ni pé ta ni yóò ní òrùka bẹ́ẹ̀ tí kò ní ṣe bẹ́ẹ̀? Ìbéèrè ńlá ni, ṣùgbọ́n kì í ṣe òun ni ó ń yọ mí lẹ́nu. Ìtàn tí ó sún mọ́ ti awò ojú jù ni ti àtùpà Aladdin, tí Hanna Diyab, ọ̀dọ́mọkùnrin ará Aleppo, sọ fún Antoine Galland ní ìlú Paris ní ọdún 1709. Àlùjànnú inú àtùpà kì í ṣe ẹrú Aladdin. Ẹrú ọwọ́ tí ó di àtùpà mú ni. Nígbà tí oṣó ará Maghrib pààrọ̀ àtùpà tuntun fún àtùpà àlòkù lọ́wọ́ ìyàwó Aladdin, àlùjànnú kan náà tí ó kọ́ ààfin fún ọkọ ni ó gbé ààfin náà tòun tìyàwó lọ sí Áfíríkà, kò sì bi ẹnikẹ́ni léèrè pé ṣé ó tọ́. Àwọn ènìyàn a máa bú obìnrin náà. Èmi kò bú u. Kò sí ẹni tí ó sọ ohun tí àtùpà náà jẹ́ fún un. Ọkọ rẹ̀ fi í sílẹ̀ lórí pẹpẹ, ó lọ ṣọdẹ.

Ẹ wá wo ohun tí ó wà lọ́wọ́ èmi àti ẹ̀yin. Kọ́kọ́rọ́ ọ́fíìsì, owó ẹgbẹ́, ìbuwọ́lùwé, nọ́ńbà ìkọ̀kọ̀ káàdì báńkì ìyá wa tí kò mọ̀wé, fóònù tí ọ̀rọ̀ àṣírí ẹlòmíràn wà nínú rẹ̀. Èwo nínú wọn ni ó dà bí òòlù Thor? Kò sí owó tí yóò wúwo jù fún olè láti gbé. Kò sí kọ́kọ́rọ́ tí yóò kọ̀ láti yí nítorí pé ọwọ́ tí ó mú un kò mọ́. Nítorí náà ìbéèrè tí òòlù náà ń bi ẹni tí ó bá fẹ́ gbé e, àwa ni a óò máa bi í, kò sí ẹlòmíràn tí yóò bá wa bi í.

Ibí yìí ni kíláàsì mi ti pín sí méjì. Àwọn ọmọkùnrin tí ó pọ̀ jù sọ pé Peter kò ṣẹ̀. Wọ́n ní ó mọ ìwọ̀n ara rẹ̀, ó mọ̀ pé ọmọdé ni òun, ó rí àgbàlagbà tí ó jà fún àwọn ènìyàn lójú rẹ̀, ó sì fi ìrẹ̀lẹ̀ gbé e fún un. Ọ̀kan nínú wọn tí ó ti ń ka hádíìsì dáadáa rán wa létí Abu Dharr, ẹni tí Ànábì sọ fún pé aláìlera ni, pé ipò jẹ́ amaana, kí ó má gbà á. Ó ní bí Abu Dharr kò bá gbọdọ̀ gbà á, kí ni ó dé tí Peter yóò fi dì í mú?

Mo ní ó káre, nítorí ìbéèrè tí ó dára ni. Ọmọbìnrin kan ni ó fèsì kí n tó fèsì. Ó ní, "Ṣùgbọ́n Abu Dharr kò gbà á rárá. Peter ti gbà á." Ó ní kíkọ̀ yàtọ̀ sí fífi fúnni. Ó tún ní mélòó ni ọjọ́ tí Peter fi mọ ọkùnrin náà? Kò tó ọ̀sẹ̀ kan.

Mo jókòó. Láti ìgbà tí mo ti ń kọ́ni, ìgbà díẹ̀ ni mo ti rí i kí ọ̀rọ̀ gún régé bẹ́ẹ̀ lẹ́nu ọmọ ọdún 15. Ẹni tí a fi nǹkan lọ̀, tí ó ní òun kò lè gbé e, ó ti sọ òótọ́, ẹni tí ó fi lọ̀ ọ́ yóò wá ẹlòmíràn. Ẹni tí ó ti gbà á, tí ó wá wúwo fún un, ọ̀nà ṣì wà: kí ó dá a padà fún ẹni tí ó fún un. Bí onítọ̀hún bá ti kú, ó ní ẹbí, ó ní ọ̀rẹ́ tí ó gbẹ́kẹ̀ lé. Happy Hogan tí ó bá Stark ṣiṣẹ́ fún ọ̀pọ̀ ọdún wà láyé, kò jìnnà sí ìpè fóònù kan. Peter kò pè é. Kí ni ìdí? Nítorí pé bí ó bá pè é, ó ṣeé ṣe kí Happy ní kí ó ṣì dì í mú. Beck nìkan ni ó dájú pé yóò gbà á kúrò lọ́wọ́ rẹ̀ lóru ọjọ́ náà, tí òun yóò sì lè lọ bá ọmọbìnrin náà. Ohun tí àwọn ọmọkùnrin mi ń pè ní ìrẹ̀lẹ̀, àárẹ̀ ni mo rí níbẹ̀, àárẹ̀ tí ó ya aṣọ ìrẹ̀lẹ̀ lò.

Ó sì ṣòro láti mọ ìyàtọ̀ àwọn méjèèjì láti inú ara ẹni. Ìdí nìyí tí mi ò fi lè bú u.

Àwọn ẹlẹ́bi mìíràn wà, mi ò fẹ́ kí a gbàgbé wọn. Ta ni ó ní kí Stark fi ohun tí ó lè pa ènìyàn láti ojú sánmà lé ọmọ ọdún 16 lọ́wọ́? Ó fẹ́ràn ọmọ náà, òótọ́ ni, ṣùgbọ́n ìfẹ́ kì í sọ ọmọdé di àgbà. Àti Beck ńkọ́? Ìtàn náà kò fi í ṣe ẹranko. Ó ti bá Stark ṣiṣẹ́ rí. Ẹ̀rọ tí ń fọ́n àwòrán yẹn, òun ni ó ṣe é; Stark gba iyì rẹ̀ lójú àwọn ènìyàn, ó sọ ọ́ ní orúkọ yẹ̀yẹ́, ó sì lé e kúrò lẹ́nu iṣẹ́. Ọ̀kan nínú àwọn ọmọ ẹ̀yìn Beck, òṣìṣẹ́ tí ọ̀gá rẹ̀ jágbe mọ́ nínú Iron Man ti ọdún 2008 ni. Ọdún mọ́kànlá lẹ́yìn rẹ̀, ó padà wá nínú fíìmù yìí, kò tí ì gbàgbé. Ẹni tí ó bá ti ṣiṣẹ́ lábẹ́ ọ̀gá tí ń fi orúkọ ara rẹ̀ sí iṣẹ́ ọmọ iṣẹ́ rẹ̀ yóò mọ bí ó ti ń dunni tó. Ṣùgbọ́n ìka tó ṣẹ̀ lọba ń gé. Stark ni ó ṣẹ̀ ẹ́, Stark sì ti kú. Ìka àwọn ará Venice, ti Prague àti ti London ni Beck wá ń gé. Ìrora rẹ̀ jẹ́ òótọ́, ó sì fi í ṣe ìwé àṣẹ.

Àwọn baba wa ní ẹni tó gbé epo lájà kò jalè tó ẹni tó gbà á sílẹ̀ fún un. Mo ti rò ó lọ rò ó bọ̀ bóyá ó bá ọ̀rọ̀ Peter mu, nítorí níbí, ẹni tí wọ́n fi ṣọ́ epo ni ó gbé e sílẹ̀ fún olè, tí ó sì dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ pé ó bá òun gbé ẹrù.

Mo gbọ́dọ̀ sọ ìdí tí ọ̀rọ̀ yìí fi ká mi lára tó báyìí. Nígbà tí mo wà ní yunifásítì, èmi ni akápò ẹgbẹ́ kékeré kan tí a dá sílẹ̀ láàárín ara wa. A kó owó jọ láti san owó ilé ẹ̀kọ́ fún ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí bàbá rẹ̀ kú láìrò tẹ́lẹ̀. Owó náà wà lọ́wọ́ mi. Ìdánwò ń bọ̀, mi ò sùn dáadáa, àwọn ènìyàn ń wá kan ilẹ̀kùn mi lóru láti fi ìdáwó wọn lé mi lọ́wọ́, ó sì sú mi. Ẹnìkan wà láàárín wa tí gbogbo wa ń fi orúkọ rẹ̀ ṣe àpèjúwe ènìyàn rere. Ohùn rẹ̀ dùn, ó máa ń dìde lóru. Mo kó gbogbo owó náà fún un ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan. Mi ò sọ fún àwọn yòókù. Mi ò kọ ọ́ sílẹ̀. Mo sọ fún ara mi pé ó sàn jù mí lọ, oorun tí mo sì sùn lóru ọjọ́ náà dùn gan-an.

Ó ná an. Kò ná an sí ìwà burúkú. Ó fi ra ọjà tí ó rò pé yóò tà ní kíá, ọjà náà kò tà, ọjọ́ sísan owó ilé ẹ̀kọ́ sì kọjá. Ọ̀dọ́mọkùnrin náà pàdánù ọdún kan gbáko. Mo san owó náà padà nígbà tí mo bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, díẹ̀díẹ̀, títí tí ó fi pé, ṣùgbọ́n ọdún kan kì í ṣe ohun tí a ń san padà. Gbogbo ènìyàn ló bínú sí ẹni tí ó ná an. Kò sí ẹnikẹ́ni tí ó bínú sí mi. Wọ́n ní èmi náà ni wọ́n tàn jẹ. Fún ọ̀pọ̀ ọdún ni mo fi gba ọ̀rọ̀ yẹn gbọ́, nítorí ó rọ̀ mí lọ́rùn.

Ní ti Peter, ó jà kí ó tó gba awò ojú rẹ̀ padà ní London. Michelle Jones, ọmọbìnrin tí ó sáré lọ bá, ni ó kọ́kọ́ rí òótọ́, kì í ṣe òun: ó mú ẹ̀rọ kékeré kan nílẹ̀ níbi tí iná ti jà, ó tọ́jú rẹ̀, ẹ̀rọ náà sì fọ́n àwòrán ẹbọra jáde lójú àwọn méjèèjì. (Àwọn ọmọbìnrin kíláàsì mi kò jẹ́ kí a gbàgbé èyí.) Beck kú, ṣùgbọ́n kí ó tó kú ó ti ṣe fídíò irọ́ tí ó sọ Peter di apààyàn lójú gbogbo ayé, tí ó sì tú orúkọ rẹ̀ síta. Àwọn tí wọ́n ti wo No Way Home ti ọdún 2021 mọ bí ó ti parí: àwọn tí ó fẹ́ràn jù lọ kò mọ̀ ọ́n mọ́.

Mo sọ ìtàn ara mi fún àwọn ọmọ náà lọ́jọ́ yẹn, pátápátá, bí mo ti sọ ọ́ fún yín yìí. Wọ́n dákẹ́. Ọmọbìnrin tí ó dá Abu Dharr yà sọ́tọ̀ nawọ́, ó ní, "Àfáà, ọ̀dọ́mọkùnrin tí ó pàdánù ọdún yẹn, ṣé ó mọ̀ pé ẹ̀yin ni ẹ gbé owó náà sílẹ̀?"

Mo ní rárá, kò mọ̀. A ṣì máa ń kí ara wa lọ́dún. Ó rò pé èmi ni mo bá òun wá owó náà padà ni, ó sì máa ń dúpẹ́ lọ́wọ́ mi.

Kò sọ nǹkan kan mọ́. Ó ń wò mí. Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kejì ni mo wá nọ́ńbà fóònù rẹ̀ jáde.